Ìkòkò àti Ẹsẹ̀: Bí Mo Ṣe Mọ Kamatari Fujiwara ní Tokyo

Ní ọdún kejì tí mo dé Tokyo ni ọ̀rẹ́ mi kan, ọmọ Gánà, mú mi wọ iṣẹ́ tí àwọn ará ibí ń pè ní ekisutora, ìyẹn àwọn tí wọ́n ń kó jọ kí ibi tí wọ́n ti ń ya eré lè dà bí ibi tí èèyàn ń gbé. Wọn kì í kọ orúkọ wa sínú ìwé. "Àjèjì 3" ni mo jẹ́ lọ́jọ́ náà, iṣẹ́ mi kò sì ju kí n gba ẹ̀yìn tọkọtaya kan tó ń jà nínú ilé oúnjẹ kọjá. Ìgbà mọ́kànlá ni mo kọjá. Nígbà tí eré náà jáde lórí tẹlifíṣọ̀n, èjìká mi òsì nìkan ni mo rí. Mo ráhùn fún bàbá àgbàlagbà kan tó ń tọ́jú aṣọ eré. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní kí n kọ́kọ́ lọ wo òṣèré fíìmù àtijọ́ kan, Fujiwara Kamatari, kí n tó wá máa bá òun sọ̀rọ̀ èjìká.

Mo lọ. Ilé ìwòran kékeré kan wà ní àdúgbò Asagaya ní Tokyo, Laputa ni orúkọ rẹ̀, ìjókòó rẹ̀ kò pé àádọ́ta, fíìmù àtijọ́ ni wọ́n sì máa ń fi hàn níbẹ̀. Ibẹ̀ ni mo ti kọ́ ojú ọkùnrin yìí mọ̀. Wakiyaku ni wọ́n ń pe ipa tí irú rẹ̀ ń kó: waki ni ẹ̀gbẹ́. Bí wọ́n bá ní kí n tú u sí Yorùbá, ẹlẹ́gbè ni n ó pè é, nítorí ẹni tó dá orin kò lè tún dá a gbè.

Tokyo ni wọ́n bí Fujiwara sí ní ọdún 1905. Eré apanilẹ́rìn-ín ló ń ṣe ní Asakusa, àdúgbò kan ní Tokyo, kí ilé-iṣẹ́ fíìmù P.C.L., èyí tó di Toho lẹ́yìn náà, tó gbà á ní 1933. Orúkọ tó fi ń ṣeré fúnra rẹ̀ jẹ́ ẹ̀fẹ̀. Ìjòyè ńlá kan wà láyé àtijọ́ ní Japan tó ń jẹ́ Fujiwara no Kamatari, ẹni tí ìdílé Fujiwara ṣẹ̀ wá láti ọ̀dọ̀ rẹ̀. Nínú àkọsílẹ̀ Japan, àmì tó túmọ̀ sí dòjé àti èyí tó túmọ̀ sí ẹsẹ̀ ni wọ́n fi ń kọ Kamatari tirẹ̀. Òṣèré wa yọ dòjé kúrò, ó fi ìkòkò tí wọ́n fi ń se ìrẹsì rọ́pò rẹ̀, ìró orúkọ náà kò sì yí padà. Ní 1940, nígbà tí ìjọba ológun ń ṣọ́ ohun gbogbo, àwọn aláṣẹ ní àbùkù ni èyí jẹ́ fún ìjòyè náà, wọ́n sì mú kó máa jẹ́ Keita títí ogun fi parí. Èmi tí wọ́n sọ di Àjèjì 3, mo mọ bí ìyẹn ṣe ń rí lára, bó tilẹ̀ jẹ́ pé tèmi kò ní ọlọ́pàá nínú.

Nínú Seven Samurai, fíìmù tí olùdarí Akira Kurosawa yà, tó jáde ní 1954, òun ni Manzo, àgbẹ̀ tí ìbẹ̀rù àwọn jagunjagun tí abúlé rẹ̀ bẹ̀ lọ́wẹ̀ kò jẹ́ kó sùn. Ó gé irun ọmọbìnrin rẹ̀ kó lè jọ ọkùnrin. Ẹ wo ojú rẹ̀ níbẹ̀: ìfẹ́ ló wà nínú rẹ̀ tàbí ìkà, èèyàn kò lè sọ. Ohun tó ń sá fún náà ló sì padà ṣẹlẹ̀, nítorí ọ̀kan nínú àwọn jagunjagun ọ̀hún kó sínú ìfẹ́ ọmọ náà.

Nínú The Hidden Fortress ti 1958, Toshiro Mifune ni ọ̀gágun, ṣùgbọ́n ẹ̀yìn tálákà méjì tó ń bú ara wọn lójú ọ̀nà ni a kọ́kọ́ rí, Fujiwara àti Minoru Chiaki. Ojú àwọn olójúkòkòrò méjì yìí la fi ń wo ìtàn náà, George Lucas sì ti sọ pé láti ara wọn ni òun ti rí ọgbọ́n tí òun fi dá àwọn ẹ̀rọ méjì inú Star Wars.

Èyí tí mo fẹ́ràn jù ni ti ọdún 1965. Lọ́dún náà, Fujiwara wà nínú fíìmù Amẹ́ríkà kan tí Arthur Penn yà ní Chicago, Mickey One, níbi tó ti jẹ́ ayàwòrán tí kì í sọ̀rọ̀, tó kàn ń rẹ́rìn-ín, tó ń fọwọ́ pe Warren Beatty, òṣèré tó jẹ́ olórí eré náà. Ẹni tó bá ti dé ìlú onílú rí yóò mọ̀ pé ọwọ́ àti ẹ̀rín máa ń ṣe iṣẹ́ ahọ́n fún oṣù bíi mélòó kan. Lọ́dún kan náà, nínú Red Beard ti Kurosawa, ó jẹ́ Rokusuke tó ń kú lọ. Wọ́n ní kí ọ̀dọ́ dókítà jókòó tì í títí ẹ̀mí yóò fi bọ́. Ẹnu rẹ̀ ń là, ó ń pa dé, bíi ti ẹja tí wọ́n gbé kúrò lómi, ọ̀rọ̀ kankan kò sì jáde. Dókítà ni kámẹ́rà fẹ́ kí a wò, àmọ́ ẹnu yẹn ni mo wò.

Ó ṣì wà nínú Kagemusha ní 1980. Ó kú ní 1985. Fíìmù àtijọ́ wọn máa ń kọ orúkọ òṣèré síwájú kí eré tó bẹ̀rẹ̀. N kò tíì lè ka púpọ̀ nínú wọn, ṣùgbọ́n mo ti mọ àmì ìkòkò, mo ti mọ àmì ẹsẹ̀, mo sì máa ń tètè jókòó kí n lè wá wọn láàárín àwọn orúkọ tó pọ̀ lọ súà.