Ẹ má bá àwàdà yín rẹ́rìn-ín

Ẹ̀yin àbúrò mi tẹ́ ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń wọ iṣẹ́ fíìmù, ẹni tó ń ṣe àwàdà ò gbọdọ̀ bá àwa tá à ń wò ó rẹ́rìn-ín. Inú Blazing Saddles ni mo ti kọ́ ọ, fíìmù kọ́bọ́ì tí Mel Brooks darí, ọdún 1974 ló jáde. Ẹ́dítọ̀ ni mí, mo sì máa ń dá a dúró, màá dá a padà sẹ́yìn, kí n lè rí ibi tí ẹ̀rín yẹn ti ń wá gan-an. Ìtàn ẹ̀ ò le: olóṣèlú jìbìtì kan fẹ́ kí ará ìlú kan sá kúrò nílùú kí ojú irin lè gba ibẹ̀ kọjá, ló bá fi aláwọ̀ dúdú kan, Bart, jẹ ṣẹ́rífù wọn, ìyẹn olórí ọlọ́pàá ìlú, torí ó mọ̀ pé àwọn òyìnbó ibẹ̀ ò ní gbà.

Ẹ kọ́kọ́ gbọ́ orin ẹ̀ ná. Brooks ń wá ẹni tó máa kọrin bíi Frankie Laine tó máa ń kọrin fíìmù kọ́bọ́ì gidi nígbà yẹn, àfi bí Laine fúnra ẹ̀ ṣe yọjú. Bàbá ò mọ̀ pé yẹ̀yẹ́ ni wọ́n ń fi fíìmù yẹn ṣe o! Ó fi gbogbo ọkàn kọ ọ́, Brooks ní òun ò lè la ẹnu sọ fún un. Orin yẹn dé ibi tí wọ́n ti ń dárúkọ fún Oscar.

Ẹni tó wà nídìí kámẹ́rà, Joseph Biroc, òun náà ò ṣeré, ó ya aṣálẹ̀ yẹn bíi fíìmù kọ́bọ́ì gidi. Bart ń gun ẹṣin bọ̀, jáàsì ń dún, ẹ ó rò pé orin abẹ́ fíìmù lásán ni, kámẹ́rà á wá rọra yà báyìí, Count Basie, ògbóǹtarìgì olórin jáàsì gidi, àti ẹgbẹ́ olórin ẹ̀ ló jókòó sáàárín aṣálẹ̀! Bart bọ̀ ọ́ lọ́wọ́, ó bá tiẹ̀ lọ, kò sẹ́ni tó ṣàlàyé nǹkan kan. Ká ní ọ̀dọ̀ wa ni, a ti máa fi ohùn "bọ́ìn" sí i. Ẹ fi bọ́ìn yẹn sílẹ̀ jàre.

Ibi tí mo fẹ́ràn jù ni ti Gene Wilder, tó ṣe Jim, ayìnbọn tí ọtí ti bà jẹ́. Ó na ọwọ́ ọ̀tún síwájú, kò mì rárá, Bart yìn ín, ló bá ní òótọ́ ni, àmọ́ ọwọ́ kejì lòun fi ń yìnbọn, ó gbé òsì sókè, ó ń gbọ̀n rìrì. Ẹ wo ojú Cleavon Little tó ṣe Bart níbẹ̀, kò ranjú, kò yẹnu. Ọmọ tíátà ni, ó ti gba Tony, àmì ẹ̀yẹ tíátà Amẹ́ríkà, lọ́dún 1970. Richard Pryor tó wà lára àwọn tó kọ ìtàn náà ni Brooks kọ́kọ́ fẹ́ fún Bart, sitúdíò ló kọ̀. Ti Jim tí Wilder ṣe náà, òṣèré míì, Gig Young, ló yẹ kó ṣe é, ara ẹ̀ ò yá lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ni Wilder bá wọ bàálù wá láti New York.

Ẹ wá wo ti ẹ̀wà. Nínú fíìmù kọ́bọ́ì, ẹ̀wà ni wọ́n máa ń jẹ nídìí iná lálẹ́, kò sì sẹ́ni tó ń só! Brooks ní kí wọ́n só, wọ́n ń só lọ́kọ̀ọ̀kan, ojú wọn le bí ẹni ń ṣèpàdé ẹbí. Àwọn ọ̀gá sitúdíò ní kó gé e kúrò. Ó ní òun ti gbọ́, kò gé nǹkan kan.