Òwú tútù lórí àjà: àkọsílẹ̀ iṣẹ́ ilé wa ní Houston

Sátidé, 20 oṣù Kejì, 2021

Ó ti tó ọdún mẹ́ta tí mo ti ń kọ àkọsílẹ̀ iṣẹ́ ọwọ́ mi, láti orí tábìlì ìdáná tí mo kàn títí dé àpótí ìwé àwọn ọmọ. Èmi ni mo yan gbogbo wọn. Èyí ló kọ́kọ́ wá bá mi nílé.

Ẹni tó wà ní Texas lọ́sẹ̀ yìí mọ ohun tí ojú rí. Òtútù dé lọ́jọ́ Àìkú, nígbà tí yóò fi di ìdájí ọjọ́ Ajé, iná ti ń lọ kiri ìpínlẹ̀ náà, ó sì lọ ní ilé tó lé ní mílíọ̀nù 4. Tiwa wà nínú wọn. Nítorí ooru ni wọ́n ṣe kọ́ ilé níhìn-ín, wọn kò ro ti òtútù mọ́ ọn. Orí àjà ni páìpù omi wa gbà kọjá, kò sì sí nǹkan gidi kan tó bò ó. Omi inú rẹ̀ di yìnyín, yìnyín wú, páìpù sán. A kò mọ̀ títí di ọjọ́rú, nígbà tí ojú ọjọ́ móoru díẹ̀ tí yìnyín sì yọ́. Ìgbà náà la gbọ́ ìró bí ẹni ń da omi sínú agbada lókè yàrá àwọn ọmọ. Kí n tó sáré dé ibi tí a ti ń ti omi pa níwájú ilé, àjà ti já lé bẹ́ẹ̀dì ọmọ mi obìnrin lórí. A dúpẹ́ pé òtútù ti kó gbogbo wa jọ sí pálọ̀ láti ọjọ́ mẹ́ta.

Púlọ́ńbà kò ráyè kó tó di ọ̀sẹ̀ méjì, gbogbo ìlú ló ń pè é. Ilé iṣẹ́ adójútòfò ní kí a ya fọ́tò ohun gbogbo, kí a má sì dúró dè wọ́n kí a tó kó ohun tó tutù jáde.

Ohun tó já lulẹ̀ pẹ̀lú pátákó àjà ni mo fẹ́ sọ̀rọ̀ lé. Insulation ni wọ́n ń pè é níbí. Òwú ni àwa ń pè é nílé, bó tilẹ̀ jẹ́ pé kì í ṣe òwú. Nígbà tí màmá mi pè láti Ìbàdàn, ó ní, "Òwú nínú ògiri? Kí ló ń ṣe níbẹ̀?" Mo ní afẹ́fẹ́ tó há sáàárín rẹ̀ ló ń ṣiṣẹ́, pé kì í jẹ́ kí ooru ìta wọlé, kì í sì í jẹ́ kí ti inú ilé jáde, bí ìgbà tí ẹ bá fi aṣọ wé abọ́ àmàlà. Màmá dákẹ́ díẹ̀. "Tí omi bá wá rin aṣọ náà ńkọ́? Yọ ọ́ kúrò, ọmọ mi. Àmàlà á tutù, aṣọ á sì máa rùn." N kò tíì gbọ́ àlàyé tó dára ju ìyẹn lọ.

Oríṣi méjì ló wà nílé wa. Ti orí àjà jẹ́ ìwé ìròyìn àtijọ́ tí wọ́n lọ̀, tí wọ́n fi èròjà boron sí kí iná má tètè ràn án, tí wọ́n wá fi ẹ̀rọ fẹ́ sáàárín igi. Ó rí bí eérú. Ti inú ògiri jẹ́ fọ́nrán gíláàsì, ó ní ìwé lẹ́yìn.

Kí n tó fọwọ́ kan ohunkóhun, mo fi tọ́ọ̀ṣì yẹ orí àjà wò dáadáa. Ohun kan wà tí ń jẹ́ vermiculite, hóró kéékèèké tó ń dán, tí wọ́n ń dà sórí àjà láyé àtijọ́. Èyí tí wọ́n wà ní ìlú Libby ní Montana, níbi tí wọ́n ti pa iṣẹ́ ìwakùsà náà tì ní 1990, ní asbestos nínú, asbestos sì ń fa jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀fóró. Ká ní òun ni mo bá lókè ni, ǹ bá ti ilẹ̀kùn àjà pa, kí n sì pe àwọn tó níwèé àṣẹ. Kì í ṣe òun. Mo pa iná yàrá náà níbi fíúsì, mo wọ ìbòmú N95, awò tó bo ojú yíká, ìbọ̀wọ́ àti aṣọ apá gígùn tí mo fi téèpù dè ní ọrùn ọwọ́. Èmi àti ọmọ mi ọkùnrin ta láílọ́ọ̀nù tó nípọn sí ẹnu ọ̀nà yàrá, nítorí àbúrò rẹ̀ ní ikọ́ fée.

Ìwé lílọ̀ tó ti mu omi dà bí èérí ògì nínú asẹ́. Ó wúwo kọjá bí mo ṣe rò. Mo ń fi ṣọ́bìrì kó o sínú àpò láílọ́ọ̀nù, n kò sì kún àpò kankan kọjá ìdá kan nínú mẹ́ta, torí àpò a ya, tàbí ẹ̀yìn a gan. Orí igi nìkan ni mo ń tẹ̀ lókè, mo tẹ́ pátákó lé wọn kí n má baà já sí yàrá kejì. Àpò 23 lónìí.

Àìkú, 21 oṣù Kejì

Àárọ̀ òní ni ìlú kéde pé a lè mu omi ẹ̀rọ láìsè é. Lẹ́yìn ìsìn, ẹ̀gbọ́n wa kan tó ń ṣe kárípẹ́ńtà wá bá mi wo ògiri. Mo sọ fún un pé òkè ògiri nìkan ló tutù, ìsàlẹ̀ ti gbẹ. Ó ní, "Àbúrò, má fojú wò ó. Ti ẹ̀rọ bọ̀ ọ́." Ẹ̀rọ kékeré kan ni, ó ní abẹ́rẹ́ méjì lẹ́nu, bí a bá tẹ̀ ẹ́ mọ́ igi, yóò sọ ìwọ̀n omi tó wà nínú igi náà. Igi ògiri yàrá tiwa, tí omi kò dé, jẹ́ ìdá 12 nínú ọgọ́rùn-ún. Igi ìsàlẹ̀ ògiri yàrá àwọn ọmọ, èyí tí mo pè ní gbígbẹ, jẹ́ 29.

Bó ṣe ṣẹlẹ̀ nìyí: omi gba ẹ̀yìn ìwé òwú náà sọ̀ kalẹ̀, ó lọ jókòó lórí igi ìsàlẹ̀. Bí a ṣe gé pátákó ògiri náà, iwájú òwú gbẹ lọ́wọ́, ẹ̀yìn rẹ̀ ń kán tótó. Èbu dúdú ti ń hu lára ìwé náà, irú èyí tó ń hu lára búrẹ́dì tó ti bu. Kò ju ọjọ́ mẹ́rin lọ. Wákàtí 24 sí 48 ti tó kí èbu bẹ̀rẹ̀ níbi tó bá tutù, nítorí náà kò yẹ kó yà mí lẹ́nu, ṣùgbọ́n ó yà mí lẹ́nu.

Àwọn kan máa ń sọ pé gíláàsì kì í jẹrà, kí a ṣáà sá a. Òótọ́ ni pé gíláàsì kì í jẹrà. Bí ó bá jẹ́ omi mímọ́ ló kàn án, tí kò sì ní ìwé lẹ́yìn, ó ṣeé yọ síta gbẹ. Tiwa ní ìwé, ìwé náà sì ti bu. Ọmọ tó ní ikọ́ fée ló ń sùn sí yàrá yìí. Gbogbo rẹ̀ ló jáde, láti òkè dé ilẹ̀, lára ògiri ìta méjèèjì.

Omi tútù ni mo fi wẹ̀ lẹ́yìn rẹ̀. Ìyàwó mi fọ aṣọ iṣẹ́ náà lọ́tọ̀. Àpò 18. Ọkọ̀ ẹ̀gbọ́n kó gbogbo rẹ̀ lọ sí ibi ìdalẹ̀.

Sátidé, 27 oṣù Kejì

Mo fi ọjọ́ mẹ́rin ṣòfò. Mo ṣí gbogbo fèrèsé kí atẹ́gùn lè gbẹ igi, bí a ṣe máa ń ṣe nílé nígbà ọyẹ́. Houston kò ní ọyẹ́. Afẹ́fẹ́ ìta tí mo ń pè wọlé kún fún ọ̀rinrin. Igi jẹ́ 29 lọ́jọ́ Àìkú, ó ṣì jẹ́ 27 ní Ọjọ́bọ̀.

Ní Ọjọ́bọ̀ náà ni mo ti gbogbo rẹ̀ pa. Mo yá ẹ̀rọ tó ń fa ọ̀rinrin, mo gbé fáànù méjì sílẹ̀ kí wọ́n máa fẹ́ sára igi. Garawa kan àti ààbọ̀ omi ni mo dà nù láti inú ẹ̀rọ náà ní ọjọ́ àkọ́kọ́. Omi tí a kò fojú rí, nínú yàrá tó rí gbígbẹ! Òní: 22.

Sátidé, 6 oṣù Kẹta

Púlọ́ńbà wá. Ó gé páìpù tó sán náà sọnù, ó fi PEX rọ́pò rẹ̀, páìpù tó rọ̀ díẹ̀, tó lè fẹ̀ bí omi bá dì nínú rẹ̀. Ó dán an wò, kò jò.

Mo fi ọṣẹ, omi díẹ̀ àti búrọ́ṣì fọ gbogbo igi tí èbu kàn, mo fi aṣọ nù wọ́n, mo tún tan fáànù. N kò fi bleach kun igi náà. Omi ló pọ̀ jù nínú bleach, igi a sì mu omi náà wọlé, èyí tí mo ti ń fi ọ̀sẹ̀ méjì lé jáde. Òní: 19.

Sátidé, 13 oṣù Kẹta

17.

Ìyàwó mi béèrè ìgbà tí àwọn ọmọ yóò padà sí yàrá wọn, ó sì tọ́ kó béèrè. A ti wà ní pálọ̀ fún oṣù kan. Ara igi náà gbẹ lọ́wọ́, ó funfun, ó ń rùn bí igi tuntun ní ṣọ́ọ̀bù kárípẹ́ńtà. Ẹni tó bá wò ó yóò ní kí a dí i. Mo gbé ẹ̀rọ náà fún un, mo ní kó fúnra rẹ̀ tẹ̀ ẹ́ mọ́ igi ìsàlẹ̀. Ó wo nọ́ńbà náà títí, ó ní, "Ó dáa, ọ̀sẹ̀ kan sí i."

Sátidé, 20 oṣù Kẹta

13 níbi gbogbo, àfi igun kan tó jẹ́ 14. Ó tó.

Mo ra òwú R-13 fún ògiri, èyí tí kò ní ìwé lẹ́yìn (R ni wọ́n fi ń díwọ̀n bí òwú ṣe ń dá ooru dúró tó; bí nọ́ńbà rẹ̀ bá ṣe ga tó ló ṣe ń dá a dúró tó). Ní ìlú tó tutù, ìwé náà ń dá ọ̀rinrin inú ilé dúró kó má wọ ògiri. Níhìn-ín, ìta ni ọ̀rinrin ti ń wá, ẹ̀rọ amúlétutù sì ń mú inú ilé tutù, bí a bá fi ohun tí omi kì í là kọjá bo inú, ẹ̀yìn rẹ̀ ni ìrì yóò sẹ̀ sí. Mo gé e ní ìwọ̀n gan-an, n kò tẹ̀ ẹ́ pọ̀. Òwú tí a bá tẹ̀ pọ̀, afẹ́fẹ́ inú rẹ̀ a dín kù, afẹ́fẹ́ náà la sì ń rà.

Sátidé, 3 oṣù Kẹrin

Ọ̀la ni Àjíǹde. Pátákó tuntun ti wà lára ògiri àti òkè láti ọ̀sẹ̀ tó kọjá. Orí àjà ló kù, mo sì gùn ún láago mẹ́fà àárọ̀ kí oòrùn tó mú òrùlé. Ní ilé bàbá ìyá mi, orí àjà la ń kó àgbàdo sí, kí èéfín ìdáná lè máa lé kòkòrò. Mo rántí òórùn rẹ̀ bí mo ṣe ń rá lókè níhìn-ín.

R-19 ni mo kọ́kọ́ tẹ́ sáàárín igi, mo sì fi R-19 mìíràn dábùú rẹ̀ lókè, méjèèjì di R-38. Mo fi ohun tó ń dá àyè sílẹ̀ sí etí òrùlé kí òwú má dí ojú atẹ́gùn. Páìpù tuntun náà ni mo wé kẹ́yìn. Mo fi ìbòrí fóòmù wé e láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, mo fi téèpù lẹ gbogbo oríkèé, mo sì jẹ́ kí òwú bò ó mọ́ra pẹ̀lú àjà, kí ooru inú ilé lè máa dé ọ̀dọ̀ rẹ̀.

Àwọn ọmọ kó padà lálẹ́ yìí. Lẹ́yìn kọ́bọ́ọ̀dù, nísàlẹ̀ ògiri, mo fi ihò kékeré kan sílẹ̀, mo sì fi ìdérí bò ó, kí n lè máa ti ẹ̀rọ bọ̀ ọ́ láti wo igi náà. Ọmọ mi obìnrin ló tẹ̀ ẹ́ lónìí, ó kígbe nọ́ńbà náà láti abẹ́ kọ́bọ́ọ̀dù: 12.