Ọpẹ́ Mi fún Ẹbí Tó Yọ Mí Nínú Omi ní Nagoya

Ẹ bá mi yin Ọlọ́run, ẹ̀yin ará. Ìjì tó jà ní Nagoya, ní orílẹ̀-èdè Japan, ní ọjọ́ 26 oṣù September ọdún 1959, mú ẹ̀mí èèyàn tó lé ní 5,000 lọ, tí a bá ka àwọn tí a ò rí mọ́ mọ́ wọn, èmi tí mo jẹ́ ọmọ ọdún 14 nígbà náà sì wà láàyè.

Ọmọ Japan ni mí. Bàbá mi bá ogun lọ kí wọ́n tó bí mi, ìyá mi ló ń dá gbọ́ bùkátà. Ọmọ Kòríà ni ọ̀rẹ́ mi, ògiri kan ló wà láàárín ilé wa. Ọdún 35 ni Japan fi jọba lé ilẹ̀ wọn lórí, síbẹ̀ ní 1952 ìjọba gba ẹ̀tọ́ ọmọ onílùú lọ́wọ́ àwọn tó wà láàárín wa. Àwọn aládùúgbò a máa kìlọ̀ fún ọmọ wọn pé kí wọ́n má bá wọn jẹun, ṣùgbọ́n ìyá mi kò dí mi lọ́wọ́ rí, mo sì dúpẹ́ lọ́wọ́ òun náà.

Ibi iṣẹ́ alẹ́ ni ìyá mi wà nígbà tí òkun ya wọ àdúgbò wa, tó ń gbé àwọn ìtì gẹdú èbúté bọ̀, tó sì ń fi wọ́n wó ilé. Omi ti mù mí dé àyà nínú òkùnkùn kí bàbá ọ̀rẹ́ mi, tó ń ra irin àlòkù, tó fi ọ̀pá irin dá òrùlé wa lu, tó sì fà mí jáde. Lórí òrùlé, ìyá ọ̀rẹ́ mi tú ọ̀já tó fi pọn ọmọ, ó gbé ọmọ náà mọ́ àyà, ó sì fi ọ̀já di èmi àti ọ̀rẹ́ mi pọ̀ kí atẹ́gùn má baà gbá ẹnikẹ́ni nínú wa lọ. Báyìí la wà títí ilẹ̀ fi mọ́.

Ní oṣù December ọdún náà, ọkọ̀ ojú omi bẹ̀rẹ̀ sí í kó àwọn ọmọ Kòríà láti èbúté Niigata ní Japan lọ sí Àríwá Kòríà. Àwọn tó lọ lé ní 93,000 kí ó tó dópin ní 1984. Ẹbí ọ̀rẹ́ mi wà lára wọn. Lẹ́tà rẹ̀ dé fún ìgbà díẹ̀, lẹ́yìn náà kò dé mọ́, ọkàn mi kò sì tíì kúrò lọ́dọ̀ rẹ̀.

Ọlọ́run, mo dúpẹ́ pé O dá ẹ̀mí mi sí. Ọ̀rẹ́ mi, mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ, àti lọ́wọ́ bàbá àti ìyá rẹ, lójú gbogbo ènìyàn.