Ẹ Má Ṣe Tọwọ́ Bọ̀wé Kí Owó Yín Tó Pé

Ọ̀sẹ̀ yìí ni àjẹsílẹ̀ owó oṣù mi ṣẹ̀ṣẹ̀ tẹ̀ mí lọ́wọ́, ṣùgbọ́n ohun tí agbanisíṣẹ́ mi àtijọ́ fi ojú mi rí lọ́jọ́ tí wọ́n dá mi dúró ṣì ń dùn mí wọ akínyẹmí ara.

Bí wọ́n ṣe fún mi ní ìwé ìdádúró tán ni wọ́n gbé ìwé mìíràn síwájú mi, pẹ̀lú sọ̀wédowó tí kò tó ìdajì gbèsè tí wọ́n jẹ mí. Ohun tí wọ́n kọ sínú ìwé náà ni pé mo ti gba gbogbo ẹ̀tọ́ mi pé pérépéré, àti pé n kò ní béèrè ohunkóhun mọ́ láéláé. Ẹ̀yin náà mọ bí nǹkan ṣe máa ń rí fún ẹni tí kò rí owó oṣù gbà fún ìgbà pípẹ́. Àwọn náà mọ̀ ọ́n, òun ni wọ́n gbójú lé. Ọ̀gá tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́ sọ fún mi pé bí n kò bá tọwọ́ bọ̀ ọ́, òfo ni n ó bá lọ, ó wá dákẹ́, ó tẹjú mọ́ mi. Ọwọ́ mi ń gbọ̀n. Mo da ìwé àti sọ̀wédowó padà fún un, mo sì jáde. Àwọn kan pè mí ní olóríkunkun, ṣùgbọ́n owó iṣẹ́ tí mo ti ṣe ni mo béèrè, n kò tọrọ bárà. Nígbà tó yá, mo kọ̀wé sí wọn, mo fi ẹjọ́ wọn sun ẹ̀ka ìjọba tó ń rí sí ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́, wọ́n sì san án.

Nítorí náà, ẹ má ṣe tọwọ́ bọ ìwé àsanparí kí owó tó pé. Bí ẹ bá gbọ́dọ̀ gba díẹ̀, ẹ fi ọwọ́ ara yín kọ ọ́ sórí ìwé náà pé apá kan ni ẹ gbà, kí ẹ sì mú ẹ̀dà rẹ̀ lọ.

Ẹ tọ́jú ìwé ìgbanisíṣẹ́, ìwé owó oṣù àti àkọsílẹ̀ báǹkì yín sílé, nítorí wọ́n lè ti ímeèlì ilé iṣẹ́ mọ́ yín lójú lọ́jọ́ náà gan-an. Ẹ ṣírò owó oṣù, owó ìsinmi tí ẹ kò lò, owó iṣẹ́ àṣekún àti owó dípò ìfitónilétí (owó tí wọ́n máa ń san bí wọn kò bá sọ fún yín ṣáájú kí wọ́n tó dá yín dúró) lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Kí lẹ́tà tí ẹ fi béèrè ní déètì, kí ẹ sì gba ẹ̀rí pé ó dé ọwọ́ wọn. Ẹ tètè bẹ̀rẹ̀, torí òfin máa ń fi gbèdéke sí àsìkò tí a lè pẹjọ́, ọjọ́ sì ń lọ bí wọ́n ṣe ń ṣèlérí.

Ẹ̀tọ́ yìí kì í ṣe àánú. Àdéhùn àgbáyé ti ILO, ìyẹn àjọ àgbáyé tó ń rí sí ọ̀rọ̀ iṣẹ́ àti òṣìṣẹ́, lórí ààbò owó iṣẹ́, èyí tí wọ́n fọwọ́ sí ní 1949, sọ ọ́ pé kí wọ́n san gbogbo owó tó kù bí iṣẹ́ bá ti parí, gẹ́gẹ́ bí òfin ilẹ̀ náà ṣe là á sílẹ̀, tàbí láàárín àsìkò tó bójú mu.

Ẹ̀yin tí wọ́n ti fipá mú tọwọ́ bọ̀wé, ẹ gbé e lọ sọ́dọ̀ agbẹjọ́rò tàbí ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ lónìí, nítorí ní ọ̀pọ̀ orílẹ̀-èdè, ilé ẹjọ́ lè fagi lé ìwé tí wọ́n fi ìhalẹ̀ gbà lọ́wọ́ òṣìṣẹ́.