Ẹbọ Tí Kò Bá Dà, Ẹ Yẹ Fáìlì Rẹ̀ Wò

Àròsọ ni àbá yìí o, kí awo kankan má tìtorí ẹ̀ ránṣẹ́ pè mí. Àwọn tó ń kọ ìtàn oògùn tó wáyé ní Ilé-Ifẹ̀ ni mo gbé e kalẹ̀ fún, torí ìtàn tó jẹ́ pé ẹni tó lágbára jù ló máa ń borí ti sú mi. Ohun tí àbá náà wí kò ju báyìí lọ: kò sí oògùn tó le, kò sí èyí tó rọ̀. Ìwé ni gbogbo wọn. Bí ìwé bá pé, oògùn á jẹ́. Bí kò bá pé, wọ́n á dá a padà.

Ẹ tẹ́tí sí ọ̀rọ̀ ẹnu wa ná. A ń tẹ Ifá, a ń tẹ̀wé, ohun tí kíláàkì sì fi ń lu ìwé, òǹtẹ̀ ni. Ẹlẹ́rìí ìpín ni à ń ki Ọ̀rúnmìlà. Ta ni kò mọ̀ pé ìwé tí kò ní ẹlẹ́rìí, bébà lásán ni? Èṣù ni mẹ́sẹ́ńjà, ojú ẹ̀ ni wọ́n gbẹ́ sí etí ọpọ́n Ifá kó lè máa wo ohun tí wọ́n ń kọ. Ìkíni awo pàápàá, tábìlì mẹ́ta ló tò síbẹ̀. Àbọrú: wọ́n gba fọ́ọ̀mù. Àbọyè: ọ̀gá fọwọ́ sí i. Àbọṣíṣẹ: owó jáde. Ẹni tó bá ti lé owó ìfẹ̀yìntì kiri rí mọ̀ pé àárín tábìlì kejì sí ìkẹta ni ayé ti ń bàjẹ́.

Ní ti kíkọ fọ́ọ̀mù, ẹ má hùmọ̀ nǹkan kan, ìlànà tó wà nílẹ̀ ti tó. Ikin, ìyẹn ekùrọ́ Ifá, mẹ́rìndínlógún ni awo ń kó sí àtẹ́lẹwọ́ kan, tí yóò fi ọwọ́ kejì gbá lẹ́ẹ̀kan náà. Bó bá ku ẹyọ kan, ìlà méjì ni yóò tẹ̀ sínú ìyẹ̀rosùn, ìyẹ̀fun orí ọpọ́n. Bó bá ku méjì, ìlà kan. Bí kò bá ku nǹkan kan, tàbí tó ku ju méjì lọ, kò tíì kọ nǹkan, kó tún un gbá. Ẹ̀ẹ̀mẹjọ ni yóò kọ ọ́, mẹ́rin lọ́tùn-ún, mẹ́rin lósì, ọ̀tún ló sì ń ṣáájú. Àpapọ̀ ìlà yẹn ni odù. Odù 256 ló lè jáde, 16 nínú wọn jẹ́ ojú odù, àwọn àgbà. Nínú àbá mi, yàrá fáìlì 256 ló wà lókè ọ̀run, kò sí ẹ̀bẹ̀ tí kò ní yàrá tirẹ̀. Ọ̀pẹ̀lẹ̀, ẹ̀wọ̀n Ifá, yá ju ikin lọ, a jù ú lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, odù pé. Fọ́tókọ́pì nìyẹn. Bí ọ̀rọ̀ bá di ti oyè, ojúlówó ni wọ́n á béèrè.

Orúkọ ló sábà ń dá fáìlì padà. Ọfọ̀ a máa fẹ́ orúkọ ẹni àti orúkọ ìyá rẹ̀: Lágbájá ọmọ Tàmẹ̀dù. Bí gbogbo àdúgbò Mọ̀ọ̀rè n'Ífẹ̀ bá wá mọ ìyá yẹn sí Ìyá Eléwé, Èṣù á béèrè títí, kò ní rí ilé. Ohun tí à ń ṣe ní kóòtù ni kí ẹni inú ìtàn yín ṣe: kó búra pé ẹnìkan náà ló ń jẹ́ orúkọ méjèèjì. Irin ni àwọn ẹlẹ́sìn ìbílẹ̀ fi ń búra ní kóòtù, ẹ jẹ́ kí òun náà fi irin búra.

Òǹtẹ̀ náà ńkọ́? Ewé ni. Bí ọfọ̀ bá ní tẹ̀tẹ̀ kì í tẹ́ láwùjọ ẹ̀fọ́, tẹ̀tẹ̀ gan-an ni kẹ́ ẹ já, torí inú orúkọ ẹ̀ ni àṣẹ wà. Ẹni tó bá fi ṣọkọ yọ̀kọ̀tọ̀ dípò ti lu òǹtẹ̀ ọ̀fíìsì mìíràn. Ó wá iyì lọ síbi ìpàdé, ó padà délé bá ọkọ tó ti sanra.

Èyí tó le jù ni ipò odù. Bí a bá fi ìbò bi Ifá ní ìbéèrè, owó ẹyọ dúró fún ‘bẹ́ẹ̀ ni’, eegun dúró fún ‘bẹ́ẹ̀ kọ́’, a ó sì dá odù fún ọ̀kọ̀ọ̀kan. Èyí tí odù àgbà bá bọ́ sí ló mú un. Lọ́wọ́ awo Ifẹ̀, Ọ̀bàrà àti Ọ̀kànràn ṣáájú Ìrosùn àti Ọ̀wọ́nrín. Níbòmíràn, Ìrosùn àti Ọ̀wọ́nrín ló ṣáájú. Kí Ìrosùn Méjì bọ́ sí owó ẹyọ, kí Ọ̀bàrà Méjì bọ́ sí eegun: ‘bẹ́ẹ̀ kọ́’ ni ìdáhùn l'Ẹ́nuwá n'Ífẹ̀, ‘bẹ́ẹ̀ ni’ ni ìdáhùn nílùú kejì. Fáìlì kan náà, ìdáhùn méjì, àwọn méjèèjì ló sì tọ̀nà. Odindi ìtàn kan wà níbẹ̀ fún ẹni tó bá lè kọ ọ́.

Àwọn kan á ní, ṣé rìbá kò lè yanjú ẹ̀? Rárá. Epo pupa tí à ń ta fún Èṣù kì í ṣe rìbá, owó ọkọ̀ mẹ́sẹ́ńjà ni. Àdín ni èèwọ̀ ẹ̀. Bí ẹni inú ìtàn yín bá ṣèèṣì ta àdín sí i, ẹ má jẹ́ kí fáìlì sọnù, ìyẹn ti rọrùn jù. Ẹ jẹ́ kó dé, kí òǹtẹ̀ pé lára ẹ̀, kí ẹlẹ́rìí ti fọwọ́ sí i, kó wá jẹ́ pé orí tábìlì ọ̀tá ló balẹ̀ sí.