Igi kẹjọ fẹ́rẹ̀ẹ́ ya mí ní wèrè

Ẹ bá mi yọ̀ o! Aago méjì òru ti kọjá, mo ṣẹ̀ṣẹ̀ fa igi búlúù kẹjọ yọ nínú géèmù Pokémon Violet ni. Fún ẹ̀yin tẹ́ ò mọ̀ ọ́n: igi 32 ni wọ́n rì mọ́lẹ̀ káàkiri Paldea, ilẹ̀ inú géèmù náà, àwọ̀ mẹ́rin, mẹ́jọ mẹ́jọ. Tẹ́ ẹ bá fa mẹ́jọ aláwọ̀ kan tán, ojúbọ kan á ṣí, abàmì ẹ̀dá inú rẹ̀ á jáde.

Méje àkọ́kọ́ ò le. Ìkẹjọ! Ọjọ́ mẹ́ta gbáko ni mo fi ń gòkè tí mò ń sọ̀. Àbúrò mi, ọmọ ọdún mẹ́sàn-án, jí láti tọ̀, ó wo ojú ẹ̀rọ, ó ní, "Bọ̀dá mi, kí ló ń tàn lẹ́yìn àpáta yẹn?" Ibi tí mo ti gbà kọjá bí ìgbà ogún!

Mo rò pé òmìrán ló máa yọ. Ẹja wúrà kékeré ni, Chi-Yu, kò tó ìdajì mítà. Ó fi iná jó mẹ́rin nínú àwọn abàmì ẹ̀dá tèmi kó tó wọ bọ́ọ̀lù tí a fi ń mú wọn.

Ó ku gírìnì. Àbúrò mi ló máa bá mi wá a.