Kéèjì Bingo: àkọsílẹ̀ ọjọ́ 1 sí ọjọ́ 21

Bí a ṣe kọ́ ajá wa, Bingo, láti máa dúró nínú kéèjì (ilé onírin tí a ń ti ajá mọ́) láìbẹ̀rù nìyí. Bingo jẹ́ àdàlù ajá ìbílẹ̀ àti Boerboel (irú ajá ńlá kan láti South Africa), ọmọ oṣù 14, kìlógíráàmù 36. Láti imú dé ìdí ìrù rẹ̀ jẹ́ sẹ̀ǹtímítà 98. Bó bá jókòó, láti ilẹ̀ dé orí jẹ́ 70. A fi 12 kún èkíní, a fi 10 kún èkejì, wẹ́dà sì ṣe kéèjì náà ní gígùn 110, gíga 80, fífẹ̀ 75. Àlàfo àárín ọ̀pá irin kò ju 4 lọ, kó má baà ki ẹnu bọ̀ ọ́ kó há síbẹ̀.

Ẹ fi àtẹ́lẹwọ́ pa gbogbo ibi tí wọ́n ti jó irin pọ̀ kí ajá tó wọlé. Ibi mẹ́ta la bá tó yọ ṣóńṣó, a fi fáìlì ra wọ́n títí wọ́n fi dán. Ilẹ̀ onírin máa ń dá egbò sí àtẹ́lẹsẹ̀ ajá tó wúwo, nítorí náà a tẹ́ pílíwúùdù sí i, a sì tẹ́ rọ́bà lé e. Abẹ́ òrùlé páànù tí kò ní síìlì kò dáa lọ́sàn-án, ooru ibẹ̀ lè pa ajá. Kéèjì kò sì gbọdọ̀ sún mọ́ ibi tí èéfín jẹnẹrétọ̀ ń gbà.

Ọjọ́ 1 sí 4. A fi okùn so ilẹ̀kùn mọ́ ẹ̀gbẹ́, kó wà ní ṣíṣí. Bí ilẹ̀kùn bá gbá a ní ìdí lẹ́ẹ̀kan péré, iṣẹ́ ọ̀sẹ̀ kan ti bàjẹ́ nìyẹn. A gé ẹ̀dọ̀ màlúù sísè wẹ́wẹ́ bí orí ìka, a jù ú sẹ́nu ọ̀nà, lẹ́yìn náà sínú díẹ̀díẹ̀. Lọ́jọ́ kìíní, ẹsẹ̀ iwájú nìkan ló wọlé. Ọrùn nà gbọọrọ, ẹsẹ̀ ẹ̀yìn dúró gbọn-in níta. Ẹnikẹ́ni ò tì í. Lọ́jọ́ kẹrin, abọ́ oúnjẹ alẹ́ ti dé ìpẹ̀kun inú kéèjì, ajá náà sì wọlé tìrùtìrù.

Ọjọ́ 5 sí 8. A sọ pé “Wọlé!”, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo. A tú ṣéènì ọrùn rẹ̀ kúrò, torí ó lè kọ́ irin kó fún un lọ́rùn. A ti ilẹ̀kùn bó ti ń jẹun, a ṣí i kó tó lá abọ́ tán. Lẹ́yìn ìyẹn, a ń fi ilẹ̀kùn sílẹ̀ ní títì fún ìṣẹ́jú 1, 3, 5, 10.

Ọjọ́ 9. Àṣìṣe ńlá. Láti ìṣẹ́jú 10 la fò sí 40, a sì jáde nílé. Nígbà tí a dé, itọ́ ti rin rọ́bà gbingbin, ẹ̀jẹ̀ wà ní erìgì rẹ̀, ó ti ń gé irin jẹ. Kì í ṣe agídí o, ẹ̀rù ni. Ajá tó bá ń ṣe báyìí lè dá eyín rẹ̀. Ìṣẹ́jú 3 la padà sí, ọjọ́ mẹ́ta gbáko, kó tó dé 10 padà.

Ọjọ́ 13 sí 20. Ìṣẹ́jú 15, 20, 8, 30, 12, 45. A mọ̀ọ́mọ̀ ń dín in kù nígbà míì, kó má baà mọ̀ pé gbogbo ìgbà tí ilẹ̀kùn bá tì ni yóò pẹ́ ju ti àná lọ. Ìrìn ìṣẹ́jú 40 ló máa ń ṣáájú. Bó bá ń gbó, ẹ má ṣí i láàárín ariwo. Ẹ jẹ́ kó dákẹ́ fún bí ìṣẹ́jú àáyá 5. Ṣùgbọ́n bó ti dákẹ́ tẹ́lẹ̀, tó wá dìde tó ń gbóòórùn ilẹ̀ kiri tó ń sunkún, ìtọ̀ ló ń gbọ̀n ọ́n. Ẹ fi okùn mú un jáde tààrà, ẹ má bá a ṣeré, ẹ dá a padà.

Ọjọ́ 21. Wákàtí 2 lọ́sàn-án, a bá a ní ìfẹ̀gbẹ́lélẹ̀, ó ń sùn. Òru ló kàn: kéèjì yóò wà lẹ́bàá ilẹ̀kùn yàrá, ká lè gbọ́ ọ bó bá fẹ́ tọ̀. Ti ọ̀sán kò ní kọjá wákàtí 4.